Ìmọ̀ràn: ṣé nudibranch ni kí n kọ sábẹ́ gbogbo àwòrán wọ̀nyí, àbí opisthobranch?

Tíṣà Ìjùmú
Okun o, ẹ̀yin ará ilé. Báyọ́lọ́jì ni mo ń kọ́ àwọn ọmọ ní ilé ẹ̀kọ́ girama kan níbí. Ọjọ́ àfihàn sáyẹ́ǹsì wa ti ń sún mọ́lé, àwọn òbí àti àwọn ìjòyè yóò wá wò ó. Ọmọ ilé ẹ̀kọ́ wa àtijọ́ kan tó wà lókè òkun kó àwòrán márùn-ún ránṣẹ́ sí wa, pé kí a lẹ̀ wọ́n mọ́ pátákó. Gbogbo wọn rí bí ìgbín tí wọ́n yọ nínú ìkarahun, àfi pé àwọ̀ ara wọn lè fọ́ni lójú. Ó kọ orúkọ sẹ́yìn mẹ́rin: Glaucus atlanticus, Hexabranchus sanguineus, Elysia chlorotica àti Aplysia californica. Ìkarùn-ún kò lórúkọ. Ó gùn, ó dúdú, ọwọ́ wẹ́ẹ́wẹ́ẹ́ sì yí ẹnu rẹ̀ ká.

Ìwé àtijọ́ tó wà ní láíbìrì wa pe irú wọn ní Opisthobranchia. Olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ mi ní nudibranch ni kí n kọ sábẹ́ gbogbo wọn. Íńtánẹ́ẹ̀tì tún ń sọ Heterobranchia. Ẹ jọ̀ọ́, èwo ni kí n mú? Kí sì ni kí n kọ ní Yorùbá tí ìyá ọmọ kan tó wá láti Ògìdì yóò fi mọ ohun tí òun ń wò?

Ọmọ Owé
Tíṣà, àwa Okun tí a kò ní òkun, ta ló rán wa ní irú iṣẹ́ yìí? Àwọn Ọ̀wọ́rọ̀ tó sún mọ́ Odò Ọya jù wá lọ pàápàá, omi tútù ni tiwọn. Mo fìdí kalẹ̀ síbí, mo ń retí àwọn tó mọ̀ ọ́n.

Bàbá Lábù
Okun, àbúrò. Ẹ kú iṣẹ́ àwọn ọmọ.

Ẹ má gba ti olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ yín o. Nudibranch kì í ṣe orúkọ gbogbo ẹran òkun tí ara rẹ̀ rọ̀. Látìnì ni apá àkọ́kọ́, nudus, ìyẹn ìhòòhò. Gíríìkì ni ìkejì, ó ń tọ́ka sí ẹ̀yà ara tí ẹran omi fi ń mí. Èmi ti gbọ́ tí àwọn ènìyàn ń túmọ̀ rẹ̀ sí "ìgbín ìhòòhò", ó sì dùn létí, ṣùgbọ́n kì í ṣe ara ìgbín náà ni ó wà ní ìhòòhò, ẹ̀yà tó fi ń mí ni. Kò sí ìkarahun, kò sí awọ tó bò ó, ó yọ síta gbangba. Georges Cuvier, ọmọ ilẹ̀ Faransé, ni wọ́n kọ orúkọ Nudibranchia sí lọ́rùn, ní ọdún 1817.

Ẹ wo àwòrán Hexabranchus yín dáadáa. Ní ẹ̀yìn rẹ̀, lápá ìdí, ẹ ó rí ohun kan tó yọ bí òdòdó. Ibẹ̀ ló fi ń mí, ihò ìdí rẹ̀ sì wà láàárín rẹ̀. (Àwọn ọmọ yóò rẹ́rìn-ín. Ẹ jẹ́ kí wọ́n rín in, wọn kò ní gbàgbé mọ́.) Nudibranch gidi nìyẹn. Glaucus náà nudibranch ni, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò ní òdòdó ẹ̀yìn. Àwọn ìka ìka tó yọ lára rẹ̀ ló fi ń mí.

Elysia àti Aplysia kì í ṣe nudibranch. Aplysia ṣì ní ìkarahun pẹlẹbẹ kékeré kan tó fi pamọ́ sábẹ́ awọ, ẹ̀yà tó fi ń mí sì wà lábẹ́ ìbora. Níbo ni ìhòòhò wà níbẹ̀?

Tíṣà Ìjùmú
Ẹ ṣeun gan-an, sà. Opisthobranch ńkọ́? Ṣé ó lè gba àwọn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin?

Omi Iyọ̀
Ẹ jẹ́ kí n bá bàbá gbé díẹ̀. Ọmọ Ìsánlú ni mí, Èkó ni mo ti ń kẹ́kọ̀ọ́ nípa ẹran inú òkun.

Henri Milne-Edwards ló pín àwọn ìgbín báyìí ní ọdún 1848. Ó wo ibi tí ẹ̀yà ìmí wà sí ọkàn ẹran náà. Àwọn tí tiwọn wà níwájú ọkàn, ó pè wọ́n ní prosobranch. Àwọn tí tiwọn wà lẹ́yìn ọkàn, opisthobranch, nítorí pé "ẹ̀yìn" ni opistho lédè Gíríìkì. Ẹran tó ni owó ẹyọ wà lára ti iwájú yẹn. Ìgbín orí ilẹ̀ tó ń fi ẹ̀dọ̀fóró mí wà ní ọ̀tọ̀, wọ́n ń pè wọ́n ní Pulmonata. Ìpín mẹ́ta yìí ni ìwé àtijọ́ yín ń tẹ̀ lé, ó sì pẹ́ tí ayé fi lò ó.

Ohun tó bà á jẹ́ ni pé ibi tí ẹ̀yà ìmí wà kì í sọ ẹni tí ó bí ẹran. Ó dà bí ìgbà tí ènìyàn bá pe gbogbo ẹni tó wọ agbádá wá sí òde ní ọmọ bàbá kan náà. Nígbà tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í yẹ DNA wọn wò, ìdílé náà tú ká. Láti ọdún 2010 ni àtúntò tuntun ti fẹsẹ̀ múlẹ̀: Nudibranchia dúró lápá kan, Aplysia àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ wà ní Euopisthobranchia, Elysia sì bá àwọn ìgbín orí ilẹ̀ wọ Panpulmonata. Heterobranchia tí ẹ rí ni agboolé ńlá tó kó gbogbo wọn mọ́ra, títí kan ìgbín inú igbó wa.

Nítorí náà, ìmọ̀ràn mi: ẹ má kọ Opisthobranchia bí orúkọ ìpín lórí pátákó ọdún yìí. Àwọn onímọ̀ ṣì ń sọ "opisthobranch" lẹ́nu nígbà tí wọ́n bá ń bá ara wọn sọ̀rọ̀, ó sì wà lára àkòrí àìmọye ìwé, ẹ kò sì gbọdọ̀ sọ fún àwọn ọmọ pé irọ́ ni. Ẹ sọ pé orúkọ àtijọ́ ni, ó ń sọ bí ara wọn ṣe rí, kò sọ ìran wọn.

Ìkarùn-ún tí kò lórúkọ, ẹ yọ ọ́ kúrò lórí pátákó yẹn. Pẹ̀lú bí ẹ ṣe júwe rẹ̀ yẹn, sea cucumber ni. Kì í ṣe ìgbín rárá. Òun àti starfish ló jọ wà ní Echinodermata.

Ìyá Onígbín
Ẹ̀yin ọ̀mọ̀wé, mo kí yín o. Ìgbín ni mo ń sìn tà ní ọjà Kàbà, mi ò mọ ti òkun. Ẹ wá ní Elysia yìí bá ìgbín wa tan? Báwo? Ṣé ó ṣe é jẹ?

Omi Iyọ̀
Mà, ẹ kú ọjà. Ẹ ò ní gbà á gbọ́, ṣùgbọ́n ìgbín tí ẹ ń sìn bá Elysia tan ju bí Elysia ṣe bá Glaucus tan lọ. Ojú lásán yóò sọ pé Elysia àti Glaucus ni ọmọ ìyá nítorí pé àwọn méjèèjì kò ní ìkarahun. Ìran ìgbín ti ju ìkarahun sílẹ̀ lọ́pọ̀ ìgbà, lọ́tọ̀ọ̀tọ̀, lókun àti lórí ilẹ̀. Nudibranch pàápàá, nígbà tí ó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde látinú ẹyin, ó máa ń ní ìkarahun kékeré lẹ́yìn. Bí ó bá ti ń dàgbà ni yóò bọ́ ọ sọ nù. Bí tiyín náà ni wọ́n sì ṣe jẹ́ akọ àti abo nínú ara kan ṣoṣo.

Ti jíjẹ, ẹ má dán an wò o. Oúnjẹ wọn ló fi wọ́n léwu. Glaucus kò ju nǹkan bíi sẹ̀ǹtímítà mẹ́ta lọ, ṣùgbọ́n ó máa ń jẹ Physalia, ẹran òkun olóró tó ń ta ènìyàn bí agbọ́n. Kì í da oró náà nù, ṣe ló máa ń tò ó pamọ́ sí ṣóńṣó àwọn ìka ara rẹ̀ fún ọ̀tá tí yóò bá fọwọ́ kàn án. Ẹni tó bá mú un lọ́wọ́ létí òkun yóò jẹ̀ka àbámọ̀. Ó tún ní àṣà kan: afẹ́fẹ́ ló máa ń gbé mì kí ó lè léfòó, ikùn rẹ̀ ló sì máa ń kọjú sókè. Búlúù tí ẹ ń wò nínú àwòrán yẹn, ikùn ni, kì í ṣe ẹ̀yìn.

Elysia chlorotica ni mo fẹ́ràn jù. Ewéko inú omi, Vaucheria litorea, ni ó ń fà mu. Kì í da ohun tó sọ ewé di tútù, ìyẹn chloroplast, nù. Ó ń fi í pamọ́ sára fún oṣù mélòó kan, ìdí nìyẹn tí òun fúnra rẹ̀ fi dà bí ewé.

Ìyá Onígbín
Háà! Kí tèmi náà kọ́ ọ, n kò ní ra ẹ̀pà àti ewé ìbẹ́pẹ fún wọn mọ́.

Bàbá Lábù
Ẹ má gbàgbé Aplysia o. Òun ni ó jẹ́ kí Eric Kandel wà lára àwọn mẹ́ta tó gba ẹ̀bùn Nobel ti ìmọ̀ ìṣègùn ní ọdún 2000. Iṣan ọpọlọ rẹ̀ tóbi débi pé ènìyàn lè tẹ̀ lé bí ó ṣe ń kọ́ nǹkan tí ó sì ń rántí. Tí ìjòyè kan bá béèrè ohun tí ìgbín òkun wúlò fún, ẹ ti rí èsì.

Tíṣà Ìjùmú
Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo yín. Yorùbá rẹ̀ ló kù. Mo ń rò "ìgbín òkun".

Ọmọ Owé
"Ìgbín òkun" lásán kò tó. Ẹni tó mọ ìṣáwùrú tàbí owó ẹyọ yóò máa wá ìkarahun nínú àwòrán.

Omi Iyọ̀
Òótọ́ ni. Ẹ kọ "ìgbín òkun aláìníkarahun" sí òkè pátákó, kí ẹ sì fi gbólóhùn kan kún un pé ti Aplysia wà, ó kàn fara pamọ́ ni. Lábẹ́ Glaucus àti Hexabranchus, ẹ kọ nudibranch. Lẹ́tà "ch" ìparí yẹn, "k" ni a ń pè é, kí àwọn ọmọ má lọ máa pe "bíráńṣì" níwájú àlejò. Lábẹ́ Elysia, Sacoglossa, ìyẹn orúkọ ìpín tirẹ̀ nínú Panpulmonata. Lábẹ́ Aplysia, sea hare ni gbogbo ayé mọ̀ ọ́n sí.

Tíṣà Ìjùmú
Ṣé lẹ́tà ńlá ni kí n fi bẹ̀rẹ̀ nudibranch? Ọwọ́ ni àwọn ọmọ yóò fi kọ gbogbo rẹ̀, ìtẹ̀wé wọ́n.

Bàbá Lábù
Nudibranchia tó parí sí "ia" ló ń gba lẹ́tà ńlá, orúkọ ìpín ni. Nudibranch lásán, lẹ́tà kékeré. Fún àwọn olórúkọ méjì, G ńlá fún Glaucus, a kékeré fún atlanticus, bẹ́ẹ̀ náà ni àwọn yòókù. Nígbà tó sì jẹ́ pé ọwọ́ ni wọn yóò fi kọ ọ́, kí wọ́n fa ìlà sábẹ́ orúkọ méjèèjì, kí ìlà náà má ṣe so wọ́n pọ̀. Àwọn tó ń fún wa ní máàkì nígbà náà kì í dárí jini lórí ìlà yẹn.