Ìṣẹ́jú 30 tó sọnù l'Ékòó: òfin wo ni kí n fún ihò àkókò inú ìtàn yìí?

Akọ̀tànYábàá: Ẹ̀yin àgbà, ẹ kú iṣẹ́ o. Ìtàn àròsọ kan ló wà lọ́wọ́ mi. Ìyá ẹni 70 ọdún ni, Ìdúmọ̀tà ló ń gbé. Nígbà tó wà lọ́mọ ọdún 16, ó bá bàbá rẹ̀ jà, kò sì dágbére fún un tí bàbá fi wọ bọ́ọ̀sì lọ ṣọdún Àjíǹde 1972. Bàbá ò padà mọ́. Àbámọ̀ yìí ló dá ihò sínú àkókò: lóru, ìyá á kàn bá ara rẹ̀ ní ibùdókọ̀ ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà. Ìṣòro tó wà níbẹ̀ ni pé ìgbà tó bá wù ú ló ń wọlé, ohun gbogbo ló ń rántí, kò sì sí ohun tó ń dí i lọ́wọ́. Báwo ló ṣe yẹ kí ihò yìí gùn tó, kí ló sì yẹ kó máa gbà lọ́wọ́ ẹni tó bá wọ̀ ọ́?

Ọmọ Òkè Pópó: Àbúrò, má wá ihò lọ sọ́nà jíjìn, Èkó ní tirẹ̀ nílẹ̀. Títí di 1905, oòrùn Èkó gan-an ni aago wa ń tẹ̀ lé. Ìṣẹ́jú 13 àti ìṣẹ́jú àáyá 35 ló fi ṣáájú aago Greenwich, ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ní 1905 wọ́n gba aago Greenwich, ní 1908 wọ́n padà sí ti àtijọ́, ní 1914 wọ́n sọ ọ́ di ìdajì wákàtí. Nígbà tó di 1 Oṣù Kẹsàn-án 1919, wọ́n sún un di wákàtí kan tí à ń lò títí dòní. Ìṣẹ́jú 30 wà lọ́jọ́ yẹn tí ẹnikẹ́ni ò lò l'Ékòó. Kò sẹ́ni tó jẹun nínú rẹ̀, kò sẹ́ni tó bímọ sínú rẹ̀. Ibẹ̀ ni kí o kó gbogbo ohun táwọn èèyàn ti gbàgbé sí.

Nítorí náà, aago 12 òru nìkan ni kó máa ṣí, ìṣẹ́jú 30 géérégé ni kó sì lò. Tí ìyá bá jáde, aago 12 náà ni lóde. Àmọ́ ara rẹ̀ ti lo ìṣẹ́jú yẹn. Aago ọwọ́ ni kí o fún un, má fún un ní fóònù, torí nẹ́tíwọ́ọ̀kì á tún aago fóònù ṣe, ẹ̀rí á sì bọ́. Lóru kọ̀ọ̀kan, aago ọwọ́ á tún fi ìṣẹ́jú 30 sí i ṣáájú ti ara ògiri. Lẹ́yìn òru 24, á ti fi wákàtí 12 ṣáájú, ọwọ́ aago méjèèjì á tún bára mu, ẹnikẹ́ni ò ní fura. Ojú déètì nìkan ló máa tú àṣírí: ọ̀sán gangan ni á máa yí. Jẹ́ kí ọmọọmọ rẹ̀ rí i nídìí oúnjẹ ọ̀sán, bí 8 ṣe ń rọra yọ́ kúrò tí 9 ń wọlé.

Ìyá Àlọ́: Òótọ́ lẹ̀gbọ́n sọ, ṣùgbọ́n aago nìkan ò lè gbé ìtàn. Àbámọ̀ ní í gbẹ̀yìn ọ̀ràn. Tó bá jẹ́ òun nìkan ló ń ṣí ihò, gbogbo Èkó ni ì bá ti já sínú rẹ̀. Ohun tí ìyá gbàgbé ló gbọ́dọ̀ máa fà á wọlé.

Ọjọ́ tí o mú yẹn dáa ju bí o ṣe rò lọ. 2 Oṣù Kẹrin ni Àjíǹde 1972. Ọjọ́ Àìkú yẹn gan-an ni Nàìjíríà kúrò ní ọwọ́ òsì, tí ọkọ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í gba ọwọ́ ọ̀tún. Tí bàbá bá gbéra lọ́jọ́ Ẹtì, 31 Oṣù Kẹta, ọwọ́ òsì ni bọ́ọ̀sì rẹ̀ wà, apá òsì náà sì ni ilẹ̀kùn rẹ̀ kọjú sí. Láti ìgbà náà, ọwọ́ ọ̀tún ni ìyá ń rí ọkọ̀ lójoojúmọ́, ọkàn rẹ̀ sì ti gbé bọ́ọ̀sì bàbá sọdá títì láìmọ̀. Bartlett, onímọ̀ nípa ìrònú ẹ̀dá, ti fi hàn ní 1932 pé bí ìrántí ṣe ń ṣe nìyẹn: ohun tó bá ti mọ́ wa lára la fi ń tún un kọ́. Nítorí náà, etí títì tí kì í ṣe ibẹ̀ ni ìyá ń dúró sí lóròòru. Ẹ̀gbẹ́ bọ́ọ̀sì tí kò nílẹ̀kùn ló ń gbá, tó ń gbá, títí bọ́ọ̀sì á fi ṣí. Kó sọdá ló kù. Kó sì ṣọ́ra, torí ọwọ́ ọ̀tún ni ọkọ̀ tó sún mọ́ ọn ti máa yọ.

Owó ńkọ́? Sílè, sísì àti tọ́rọ́ ni. 1 Oṣù Kìíní 1973 ni náírà dé. Má sì darúkọ Third Mainland, 1990 ni wọ́n ṣí i.

Akọ̀tànYábàá: Ẹ ṣeun gan-an, mà. Tó bá sọdá, ṣé ó lè dá bàbá dúró?

Ìyá Àlọ́: Rárá o. Bí bàbá bá dúró, àbámọ̀ ò sí, ihò ò sí, ta ló wá wá dá a dúró? Ìdágbére nìkan ni kí o fún un. Ní ti ohun tí ihò ń gbà, ìrántí kan nípa bàbá ni kó máa mú lóru kọ̀ọ̀kan. Bẹ̀rẹ̀ láti orí kékeré: irú fìlà tó ń dé, bó ṣe ń wúkọ́. Ojú rẹ̀ ni kó gbà kẹ́yìn.

Ọmọ Òkè Pópó: Ẹ jẹ́ kí n fi èyí kún un. Bàbá ò ní mọ̀ ọ́n. Ìyá àgbà tó ju òun lọ ló máa rí, á dọ̀bálẹ̀ kí i ni. Tí ìyá bá lọ kúnlẹ̀ fún un bí ọmọ, èrò á pé lé wọn lórí, àkókò á sì tán. Ipò àgbà ni kó lò: kó gbé ọwọ́ lé e lórí, kó ṣàdúrà ọ̀nà fún un, kí bàbá ṣe àmín. Ìṣẹ́jú mẹ́rin tó kẹ́yìn ni kí o fi sílẹ̀ fún un. Kọ̀ndọ́ ò ní dúró jù bẹ́ẹ̀ lọ.