Fóònù kú, ọ̀nà sì pòórá lórí mi

Awakọ̀ Peckham: Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin èèyàn mi. Ó ti di ọdún 9 tí mo ti ń fi mọ́tò gbé èrò ní London. Lálẹ́ ọjọ́ Ẹtì, fóònù mi tó ń júwe ọ̀nà fún mi kú láàárín Camberwell sí Lewisham, ọ̀nà tí mò ń gbà lójoojúmọ́. Mi ò mọ ibi tí mo máa yà sí! Èmi tí mo wa takisí ní Ìbàdàn, láti Mọ́kọ́lá dé Challenge, láìbi ẹnikẹ́ni léèrè ọ̀nà. Ẹ̀rù bà mí gan-an. Ṣé fóònù ló ń ba ọpọlọ mi jẹ́ ni?

Ìyá Ìbejì: Ẹ pẹ̀lẹ́, bọ̀dá mi. Èmi ò rò pé ó bàjẹ́, ẹ ò lò ó ni. Lọ́dún 2000, Eleanor Maguire àtàwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní University College London yẹ ọpọlọ àwọn awakọ̀ takisí London wò, àwọn tó ní láti há nǹkan bí 25,000 òpópónà sórí. Apá ẹ̀yìn hippocampus, ìyẹn ibì kan nínú ọpọlọ tó ń bá wa rántí ọ̀nà, tóbi lára wọn ju ti àwọn ẹlòmíì lọ. Àmọ́ tẹ́ ẹ bá ń gbàgbé nǹkan nílé náà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ lọ rí dókítà.

Ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́: Ẹ̀gbọ́n, kí n tó gbéra ni mo máa ń wo máàpù. Màá fi ṣọ́ọ̀ṣì, ilé epo àti afárá ṣàmì, màá wá pa fóònù.

Awakọ̀ Peckham: Ẹ ṣé gan-an. Mo pa á láàárọ̀ yìí. Mo ṣìnà lẹ́ẹ̀kan, ṣùgbọ́n mo dé Lewisham.