Iná ààrò gáàsì mi ń kú bí mo bá ti yọwọ́ lórí bọ́tìnnì: ṣé kí n jẹ́ kí wọ́n há fáàfù rẹ̀?

Ìyá Oníkéèkì, Mọ́níyà:
Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ará wa. Kéèkì ni mo ń yan tà nínú ilé, gáàsì kúkà ọlójú mẹ́rin tó ní ààrò nísàlẹ̀ ni mo sì ń lò. Bí mo bá tẹ bọ́tìnnì ààrò náà tí mo ṣáná sí i, iná máa ń ràn dáadáa, ṣùgbọ́n bí mo bá ti yọwọ́ báyìí, ó kú nìyẹn. Àwọn ojú iná òkè kò ní wàhálà kankan, gáàsì sì wà nínú sílíńdà. Tẹkiníṣàn tó wá wò ó ní ọ̀pá kékeré kan tó ń ṣọ́ iná ló ń yọ ọ́ lẹ́nu, pé òun yóò fi wáyà há fáàfù rẹ̀, ìyẹn ohun tó ń ṣí ọ̀nà gáàsì tó sì ń tì í, kí gáàsì lè máa kọjá láìdúró. Ọkàn mi kò balẹ̀. Ṣé kí n gbà fún un? Níbo gan-an ni ọ̀pá náà wà, ṣé èmi fúnra mi sì lè tọ́jú rẹ̀?

Alàgbà Atúngáàsìṣe, Mọ́kọ́lá:
Ìyá, ẹ má gbà fún un o. Ohun tó fẹ́ há yẹn gan-an ló ń dáàbò bo ilé yín. Thermocouple ni àwa oníṣẹ́ ń pè é. Irin oríṣi méjì ni wọ́n so pọ̀ ní orí rẹ̀, tó fi jẹ́ pé bí iná bá ti ń jó o, ó ń mú iná mànàmáná bíńtín jáde, èyí tí kì í sábà ju 30 millivolt lọ, ìwọ̀nba yẹn sì ni òòfà inú fáàfù fi ń di ọ̀nà gáàsì mú ní ṣíṣí. Bí atẹ́gùn bá fẹ́ iná pa, orí ọ̀pá á tutù, òòfà á jọ̀wọ́, gáàsì á sì dúró. Bí wọ́n bá wá fi wáyà há a, tí iná kú nígbà tí ẹ wà ní pálọ̀, gáàsì ìdáná tó wúwo ju afẹ́fẹ́ lọ yóò máa kó jọ sílẹ̀ títí ẹnìkan yóò fi ṣáná. Mi ò lè pe ẹni tó dá irú àbá bẹ́ẹ̀ ní atúnṣe.

Ní ti ibi tó wà, ẹ kọ́kọ́ pa gáàsì láti orí sílíńdà, kí ẹ jẹ́ kí ààrò tutù pátápátá, kí ẹ tó gbé irin pẹlẹbẹ ìsàlẹ̀ rẹ̀ kúrò. Ẹ óò rí páìpù oníhò tí iná ń gbà jáde. Ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ni ọ̀pá kan wà tí kò ju orí bíró lọ, tí wáyà bàbà tẹ́ẹ́rẹ́ ti ìdí rẹ̀ lọ sí ẹ̀yìn bọ́tìnnì. Èyí tó ní tánganran funfun lára kọ́ o, ìyẹn ló ń ṣáná. Ẹ fi sánpépà tó kúnná jù lọ ra orí rẹ̀ díẹ̀díẹ̀ títí dúdú ara rẹ̀ yóò fi kúrò, kí ẹ sì fi aṣọ gbígbẹ nù ún. Ẹ má fi ọ̀bẹ ha á. Ẹ wò ó dáadáa pẹ̀lú bóyá kò tẹ̀ kúrò níbi tí iná ti ń kàn án, nítorí pé bí orí rẹ̀ kò bá sí nínú iná, fífọ̀ kò lè ràn án lọ́wọ́.

Ìyá Ìbejì, Apẹtẹ:
Ẹ tún máa di bọ́tìnnì mú fún ìṣẹ́jú àáyá 10 sí 15 lẹ́yìn tí iná bá ti ràn. Àwa tí a ń kánjú kì í jẹ́ kí ọ̀pá náà gbóná.

Àbúrò yín ní Kánádà:
Mo kí gbogbo ilé. Ẹ̀rọ gáàsì tó ń mú ilé móoru níbí náà ní ọ̀pá tó ń ṣọ́ iná, ṣùgbọ́n iṣẹ́ tirẹ̀ yàtọ̀. Kì í fúnra rẹ̀ mú iná mànàmáná jáde. Ẹ̀rọ ló ń rán an gba inú iná gáàsì kọjá, ìwọ̀n rẹ̀ sì kéré dé ìpele microamp. Bí ìdọ̀tí bá bò ó, ẹ̀rọ yóò tanná, yóò sì pa á láàárín ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀, yóò tún gbìyànjú, kó tó wá ti ara rẹ̀ pa. Ṣáájú ìgbà òtútù ni a ń pa iná mànàmáná àti gáàsì rẹ̀, tí a ń tú síkúrúù kan ṣoṣo tó dì í mú, tí a sì ń nù ún. Nítorí náà, ẹ má tẹ̀lé fídíò ti ẹ̀rọ yìí láti fi tún ààrò yín ṣe.

Ìyá Oníkéèkì, Mọ́níyà:
Ẹ ṣeun gan-an. Bí mo bá nù ún tán tí kò sì yípadà ńkọ́?

Alàgbà Atúngáàsìṣe, Mọ́kọ́lá:
Ẹ jẹ́ kí oníṣẹ́ mìíràn wo nọ́ọ̀tì tó so wáyà bàbà náà mọ́ fáàfù, nítorí ó máa ń dẹ̀. Bí ìyẹn náà bá le dáadáa, ọ̀pá ti lo ọjọ́ ayé rẹ̀ tán, tàbí kó jẹ́ òòfà ló ti rẹ̀. Ọ̀pá ni kí ẹ kọ́kọ́ pààrọ̀, torí òun ló wọ́pọ̀ jù. Ẹ mú ti àtijọ́ dání lọ sí ọjà, kí ẹ fi gígùn wáyà àti nọ́ọ̀tì ìdí rẹ̀ wé tuntun kí ẹ tó sanwó. Lẹ́yìn tí wọ́n bá dè é tán, ẹ ní kí wọ́n fi ìfófò ọṣẹ pa gbogbo oríkèé páìpù tí wọ́n fọwọ́ kàn níṣojú yín. Bí ó bá ń hó níbì kan, gáàsì ń jò níbẹ̀.