Ẹ má pè é ní "owó ọ̀nà" o

Àsàlámù àlékúmù, ẹ sì kú ọjọ́ mẹ́ta gbogbo ilé. Láti Mọ́ńdè ni mo ti ń ka àríyànjiyàn yín lórí nǹkan tó yẹ ká máa pe owó tí ìjọba fi ń la títì márosẹ̀ tó sì fi ń tún un ṣe ní èdè Yorùbá, mo kàn ń rẹ́rìn-ín lábẹ́lẹ̀ ni, àfìgbà tí ẹ̀gbọ́n wa tó wà l'Ọ́fà wá ní ká kúkú pe gbogbo ẹ̀ ní "owó ọ̀nà" ká sinmi, pé ti tóògéètì o, ti orí epo o, owó ọ̀nà náà ni gbogbo wọn. Ẹ̀gbọ́n, ẹ má bínú sí mi o, àmọ́ èyí ò lè lọ.

Lánàá tí mò ń lọ sí Òmù-Àrán, kí mọ́tò tó kún ní gáréèjì, mo bi dẹ́rẹ́bà pé bọ̀dá, èló lẹ máa ń san lówó ọ̀nà lóòjọ́? Ó wò mí tìkà-tẹ̀gbin, ó ní "Èwo níbẹ̀? Ti yúníọ̀nù àbí ti àwọn tó ń na igi sójú ọ̀nà?" Ló bá fa tíkẹ́ẹ̀tì méjì yọ níbi tó ki wọ́n bọ̀ lókè orí ẹ̀, ọ̀kan yẹ́lò, ọ̀kan pínkì, ó ní ti àárọ̀ yìí nìyẹn, òun ò tíì jẹun. Ṣé ẹ rí i? Ọ̀rọ̀ yẹn ti ní ẹni tó ni ín. Ẹ lọ kọ ọ́ sínú ìwé pé "ìjọba fẹ́ẹ́ máa gba owó ọ̀nà", ohun tí dẹ́rẹ́bà máa gbọ́ ni pé àwọn tó ń dá òun dúró tún ti lé ní iye.

A ò tíì rìn jìnnà, àwọn ọmọ kan ti na okùn kọjá títì, ṣọ́bìrì lọ́wọ́, wọ́n ń da yẹ̀pẹ̀ àti òkúta sínú kòtò kan tó tó ìkòkò ìdáná. Dẹ́rẹ́bà ju igba náírà sí wọn láti ojú fèrèsé, wọ́n sọ okùn sílẹ̀. Ó yíjú sí mi, ó ní "Àwọn wọ̀nyí lèmi mọ̀ ní ìjọba." Igba náírà yẹn ò kúrò lọ́kàn mi, torí iye yẹn gan-an nìjọba àpapọ̀ kọ sílẹ̀ fún mọ́tò kékeré nígbà tí wọ́n buwọ́ lu ètò tóògéètì tuntun ní August 2021, wọ́n ní tírélà á san 500, ọkọ̀ akérò 150, ọ̀kadà àti kẹ̀kẹ́ Màrúwá ò ní san nǹkan kan.

Bá a bá máa sọ ti tóògéètì, kí la wá ń wá ọ̀rọ̀ kiri sí? Oníbodè ti wà nílẹ̀ Yorùbá kí òyìnbó tó dé, ẹnu odi ìlú ló ń jókòó sí, ẹni tó bá gbé ẹrù kọjá á ka owó ẹyọ fún un, bí ẹrù bá ṣe pọ̀ sí ni owó ṣe ń pọ̀ sí, tírélà àti mọ́tò kékeré náà nìyẹn. Ẹni tó sọ pé bodè ti di ti kọ́sítọ̀ọ̀mù, òótọ́ lẹ sọ, ìdí nìyẹn tí mo fi ní "owó oníbodè", mi ò ní "owó bodè". Àǹtí wa olùkọ́ ló mú "owó-orí ojú ọ̀nà" wá, ìyẹn dùn létí, àmọ́ owó-orí wà lórí ẹ bó o rìn bó ò rìn, o lè jókòó sílé fún ọdún kan gbáko kó o ṣì jẹ ẹ́. Oníbodè ò mọ ẹni tí ò kọjá. Ó kàn jẹ́ pé ọ̀rọ̀ tóògéètì fúnra ẹ̀ ò ní kú ni, Ọbásanjọ́ ti ní kí wọ́n wó gbogbo wọn láti ìparí 2003 bọ́ sí 2004, síbẹ̀ ní Sángo Ọ̀tà àti n'Íbàdàn kọ́ńdọ́ ṣì ń pariwo "Tóògéètì wà o!" níbi tí géètì kankan ò sí.

Ti epo ló le. Òfin FẸ́MÀ, ilé-iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ tó ń tún ọ̀nà ṣe, èyí tí wọ́n tún ṣe ní 2007 ti sọ pé kí wọ́n máa yọ ìdá márùn-ún nínú ọgọ́rùn-ún lórí epo bẹntiróò àti dísù fún àtúnṣe ọ̀nà, ogójì nínú ọgọ́rùn-ún ẹ̀ fún FẸ́MÀ, ọgọ́ta fún àwọn ìpínlẹ̀. Nígbà tí òfin owó-orí tuntun tún dárúkọ ìdá márùn-ún yẹn ní 2025, gbogbo ayé figbe bọnu pé wọ́n tún ti gbé owó-orí míì dé, Taiwo Oyèdélé, alága ìgbìmọ̀ àtúnṣe owó-orí nígbà náà, jáde pé kì í ṣe tuntun, ó ti wà nínú òfin tipẹ́. Ṣé ẹ mọ̀ pé ọ̀rọ̀ la bá jà níbẹ̀? Ẹnìkan nínú wa tú u sí "èlé orí epo". Èlé kẹ̀! Ta ló yá wa lówó? Èmi á ní "ìdá ọ̀nà lórí epo" ká mọ̀ pé ọ̀nà ló ni ín.

Àmọ́ kì í ṣe gbígbà nìkan, ibo lowó ń wọ̀? Amẹ́ríkà dá àpò kan sílẹ̀ fún ọ̀nà ní 1956, sẹ́ǹtì 18.4 ni wọ́n ń gbà lórí gálọ́ọ̀nù bẹntiróò kọ̀ọ̀kan, fẹ́rẹ̀ẹ́ gbogbo ẹ̀ ló ń wọ ibẹ̀, iye yẹn ò sì yí padà láti 1993. Kóló ni mo pè é, kì í ṣe àpò. Àpò, ọwọ́ gbogbo ni ń wọ̀ ọ́, kóló ní nǹkan tá a torí ẹ̀ dá a. Kóló wọn náà ò kún mọ́ o, láti 2008 ni wọ́n ti ń bu owó látinú àpò gbogbogbò kún un. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì tiẹ̀ ti tú tiwọn láti 1937, owó ìwé mọ́tò wọn ò lọ sórí ọ̀nà tààrà mọ́, síbẹ̀ wọ́n ṣì ń pè é ní owó-orí ọ̀nà títí dòní. Orúkọ a máa pẹ́ ju nǹkan lọ, ẹ jẹ́ ká ṣọ́ ohun tá a máa kọ sílẹ̀.

"Ìdáríjì owó-orí" tẹ́ ẹ pe èyí tí Bùhárí buwọ́ lù ní January 2019, pé kí ilé-iṣẹ́ ńlá fowó ara ẹ̀ ṣe ọ̀nà, kó wá yọ ọ́ nínú owó-orí tó yẹ kó san, mi ò fara mọ́ ọn rárá. Ta ló ṣẹ̀ ta? Gbogbo ẹni tó bá ti háyà ilé rí n'Ílọrin mọ̀ ọ́n: páànù ṣí, o pe láńlọ́ọ̀dù, ó ní òun ò ní owó lọ́wọ́, tún un ṣe kó o yọ ọ́ nínú owó ilé. Bí Dangote ṣe da kọnkéré sí ọ̀nà Ọ̀bájáná sí Kábbà nìyẹn, bí NNPC ṣe gba ọ̀nà mọ́kànlélógún ní 2021 nìyẹn, N621 bílíọ̀nù. "Yíyọ-nínú-owó-orí" ni, kò lẹ́wà, àmọ́ ìyálé mi tí ò kàwé gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀kan.

Súkúùkù, ìyẹn ètò tí ìjọba fi ń gba owó ìdókòwò lọ́wọ́ aráàlú ní ìlànà Ìsìláàmù, ẹ fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, àwọn álífà wa ti ń pè é bẹ́ẹ̀. Ẹ má pè é ní "ẹ̀yáwó tí ò lélé", torí kì í ṣe ẹ̀yáwó. N100 bílíọ̀nù ti 2017 yẹn, ẹni tó fowó sí i ní ìpín nínú ọ̀nà, ìjọba san owó háyà fún un fún ọdún méje tó parí ní 2024, ìpín Ọ̀yọ́ sí Ògbómọ̀ṣọ́ lójú ọ̀nà Ìbàdàn sí Ìlọrin wà nínú ohun tí wọ́n fowó ẹ̀ ṣe.

Èyí tí wọ́n ń pè ní concession ló kù, kí ilé-iṣẹ́ gba ọ̀nà fún bí ọdún 25, kó tún un ṣe, kó máa gba owó oníbodè títí owó ẹ̀ á fi pé. Bàbá kan l'Ókè-Onígbìn ní "ìdógò" ni, bí wọ́n ṣe ń fi oko kòkó dógò, kí olówó máa ká a. Mo ní "Bàbá, àmọ́ ìjọba ò yá owó lọ́wọ́ ilé-iṣẹ́ náà." Bàbá ní "Ta ló wá ń ká kòkó?" Ẹ̀yin tẹ́ ẹ gbọ́ Ìgbómìnà dáadáa, ẹ bá mi dá a lóhùn.