Àgbébọ̀ mẹ́fà tí mo kó wọ àárín adìẹ ilé

Ẹ̀yin ará mi, okun o. Kabba níbí ni tèmi ti ṣẹlẹ̀.

Àgbébọ̀ mẹ́fà ni mo rà lọ́jà nínú oyé, wọ́n sanra, ìyẹ́ wọn ń dán, mo délé mo tú okùn ẹsẹ̀ wọn mo bá jẹ́ kí wọ́n wọ àárín 14 tó wà nílẹ̀. Ìjà ni mo ń bẹ̀rù, mo dúró tì wọ́n títí ilẹ̀ fi ṣú, wọ́n lé ara wọn díẹ̀, ó tán. Ọjọ́ kẹfà lọ̀kan nínú tilé ká ara jọ sábẹ́ igi máńgòrò, kò jẹun, ìgbẹ́ ẹ̀ dà bí ewé tí wọ́n gún, ilẹ̀ ọjọ́ kejì mọ́, ọrùn òmíràn ti lọ́ sẹ́yìn. 11 ló kú nínú 14. Ìyá mi ló ni méjì níbẹ̀, wọn ò sọ nǹkan kan, wọ́n kàn ń gbá ìyẹ́ jọ. Dókítà ẹranko sọ pé àrùn adìẹ tí wọ́n ń pè ní Newcastle ni, pé adìẹ lè gbé e sára bí ọ̀sẹ̀ méjì kó tó hàn, kò sì sóògùn tó ń wò ó, àfi àjẹsára.

Àwọn márùn-ún tí mo tún rà lẹ́yìn ìyẹn, wọn ò fojú kan tilé fún ọ̀sẹ̀ mẹ́ta gbáko. Ẹ̀yìn kíṣìnì lọ́hùn-ún ni mo kó wọn sí, abọ́ ọ̀tọ̀, sílípáàsì ọ̀tọ̀, tilé ni mo sì máa ń kọ́kọ́ bọ́. Gbogbo wọn ni mo fún ní àjẹsára inú omi, omi kànga ni mo lò torí omi ẹ̀rọ tí wọ́n fi kẹ́míkà sí máa ń ba oògùn yẹn jẹ́.

Lẹ́yìn náà ni mo fi nẹ́ẹ̀tì là wọ́n láàárín fún ọ̀sẹ̀ kan, kí wọ́n máa rí ara wọn. Òru ni mo wá gbé wọn sórí igi tí tilé ń sùn sí, lọ́kọ̀ọ̀kan. Ilẹ̀ mọ́ mo da bàbà sójú mẹ́rin, kẹ́ni tí wọ́n bá lé níhìn-ín lè jẹ lọ́hùn-ún. Àgbébọ̀ dúdú tó jẹ́ ọ̀gá tilé ṣá bá ọ̀kan nínú tuntun jà títí ogbe ẹ̀ fi ń ṣẹ̀jẹ̀, bẹ́ẹ̀ tí wọ́n bá ti rẹ́jẹ̀ gbogbo wọn ló máa dà bò ó. Mo yáa gbé èyí tó fara pa kúrò títí ogbe ẹ̀ fi gbẹ, ọ̀gá náà mo fi agbọ̀n dé e mọ́lẹ̀ fọ́jọ́ méjì. Ìgbà tó jáde, òun gan-an ló ń wá àyè. Lálẹ́ ọjọ́ yẹn gbogbo wọn sùn sórí igi kan náà, dúdú ló wà létí pátápátá.