Eré àkásílẹ̀ kọ́ ni àsọdisinimá

Ẹ̀yin àgbà àti ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ mi, ẹ kú iṣẹ́ èdè.

Ìbéèrè tó wà nílẹ̀ ni orúkọ tí a ó máa pe eré orí ìtàgé nígbà tí kámẹ́rà bá ti dá sí i. Ọ̀gá wa kan láti Ògbómọ̀ṣọ́ ní kí gbogbo rẹ̀ máa jẹ́ “eré àgbéléwò”. Ìyá wa kan ní “ìtumọ̀ eré” ló yẹ ẹ́, torí pé ẹni tó gbé ìwé eré wọ inú sinimá, ńṣe ló túmọ̀ rẹ̀. Ọ̀rọ̀ àwọn méjèèjì yé mi, ṣùgbọ́n n kò lè fara mọ́ èyíkéyìí, nítorí nǹkan méjì ni wọ́n ń fi orúkọ kan ṣoṣo bò mọ́lẹ̀: eré orí ìtàgé tí kámẹ́rà kàn ká sílẹ̀, àti eré tí wọ́n tún kọ fún kámẹ́rà.

Ọ̀yọ́ níbí ni mo ti ń kọ́ àwọn ọmọ girama ní lítíréṣọ̀. Nínú ìdánwò tó kọjá, ọmọ kan dáhùn ìbéèrè lórí ìwà Gáà nínú Baṣọ̀run Gáà tí Adébáyọ̀ Fálétí kọ. Àlàyé rẹ̀ já geere, àmọ́ ohun tó fi gbe ọ̀rọ̀ rẹ̀ lẹ́sẹ̀, inú sinimá ló ti rí i, kò sí nínú ìwé. Mo bi í pé, “Ṣé o ka eré náà?” Ó ní, “Mo wò ó, sà.” Kò purọ́ fún mi. Ọ̀rọ̀ náà “eré” ló ṣì í lọ́nà. Ìwé tí Fálétí kọ, eré ni. Èyí tí wọ́n ṣe lórí ìtàgé, eré ni. Èyí tó wò lórí fóònù, eré náà ni. N kò fún un ní orúkọ tí yóò fi yà wọ́n sọ́tọ̀, ó sì dùn mí.

Ẹ jẹ́ ká tú àgbéléwò wò: à-gbé-ilé-wò, ohun tí a gbé ilé wò. Ibi tí òǹwòran jókòó sí ni ọ̀rọ̀ náà ń sọ. Ó bá ayé káséètì fídíò mu, nígbà tí kò di dandan mọ́ kí a lọ sí ilé sinimá. Kò sọ ohunkóhun nípa bí wọ́n ṣe ṣe eré náà. Ní London, ilé eré National Theatre bẹ̀rẹ̀ sí í fi eré orí ìtàgé ránṣẹ́ sí àwọn ilé sinimá ní 2009, eré Phèdre ni wọ́n fi ṣíde. Àwọn tó lọ wò ó kò gbélé. Àgbéléwò ha ni ìyẹn náà bí?

Ní ti “ìtumọ̀”, ọ̀rọ̀ Ẹlẹ́ṣin Ọba ni mo fẹ́ ká fi wọ̀n ọ́n. Ọ̀yọ́ wa yìí ló ti ṣẹlẹ̀, ní nǹkan bí ọdún 1945: Aláàfin wàjà, aláṣẹ òyìnbó sì dá Ẹlẹ́ṣin Ọba, ìjòyè tó yẹ kó bá a kú, dúró. Dúró Ládiípọ̀ fi ṣe eré Ọba Wàjà. Wọlé Ṣóyínká kọ tirẹ̀ lédè Gẹ̀ẹ́sì, Death and the King's Horseman, ó jáde ní 1975. Bíyì Bándélé wá sọ ọ́ di sinimá ní 2022, ọ̀pọ̀ ohùn inú rẹ̀ sì tún di Yorùbá. Nǹkan méjì ni Bándélé ṣe níbẹ̀: ó dá ọ̀rọ̀ náà padà sí èdè ilé rẹ̀, ó sì gbé eré kúrò lórí ìtàgé. Ìtumọ̀ gba ti àkọ́kọ́. Kò gba ti ìkejì.

Èyí tí mo mú wá rèé. Eré tí wọ́n ṣe lórí ìtàgé, níwájú òǹwòran, tí kámẹ́rà kàn wà níbẹ̀, kí ó máa jẹ́ eré-ìtàgé àkásílẹ̀. A ń ká ohùn sílẹ̀, a ń ká fídíò. Ọ̀rọ̀ náà kò ṣàjèjì létí ọmọdé. Mo yàn án ju “àgbàsílẹ̀” lọ, torí pé ẹni tí a yọ nínú ewu náà la ń sọ pé a gbà sílẹ̀. Ó sì dùn mọ́ mi pé ẹni tí a bá lórí nǹkan la ń ká mọ́ ibẹ̀: kámẹ́rà ká eré mọ́ orí ìtàgé níbi tó ti ń lọ lọ́wọ́.

Ẹni tó ka Ọba Kò So, eré Ládiípọ̀ mìíràn, lórí ìwé yóò rí Tìmì àti Gbọ̀nkáà, yóò rí oríkì Ṣàngó. Kò ní gbọ́ bàtá, kò ní mọ ibi tí àwọn òǹwòran ti hó yèè. Ládiípọ̀ gbé e sórí ìtàgé ní 1963, ó sì kú ní 1978. Bàtá àti ariwo òǹwòran yẹn ni ìwé kò lè gbé, òun gan-an ni àkásílẹ̀ wà fún. Òótọ́ ni pé kámẹ́rà kì í ṣe ojú. Nínú gbọ̀ngàn, bí Gbọ̀nkáà bá ń sọ̀rọ̀, mo lè máa wo Tìmì. Nínú àkásílẹ̀, ibi tí kámẹ́rà bá kọjú sí ni mo máa wò. Síbẹ̀, ọ̀rọ̀ kò yí, ìtàgé kò yí.

Èyí tí wọ́n tún kọ fún kámẹ́rà ni mo pè ní àsọdisinimá. Àwọn onímọ̀ gírámà ti la ọ̀nà rẹ̀ fún wa: ìsọdorúkọ, ì-sọ-di-orúkọ, ìyẹn sísọ ọ̀rọ̀ mìíràn di ọ̀rọ̀ orúkọ. Ìsọdisinimá yóò jẹ́ iṣẹ́ náà. Àsọdisinimá yóò jẹ́ ohun tó ti ibẹ̀ jáde, bí àkọsílẹ̀ ṣe jẹ́ ohun tí a kọ. Bí ẹnì kan bá ní sinimá kì í ṣe Yorùbá, ó ti pẹ́ lẹ́nu wa ju ọ̀pọ̀ ọ̀rọ̀ tí à ń ṣẹ̀dá lọ. Nígbà tí Ògúndé sọ eré rẹ̀, Ayé, di sinimá ní 1979, sinimá náà la pè é.

Ọ̀kan ṣì kù tó ń dà mí láàmú. Tẹlifíṣọ̀n Ìbàdàn bẹ̀rẹ̀ ní 1959, àwọn ẹgbẹ́ eléré sì máa ń lọ ṣe eré wọn níwájú kámẹ́rà nínú ilé iṣẹ́ náà. Ó jọ àkásílẹ̀ ní ti ọ̀rọ̀ ẹnu wọn, ṣùgbọ́n kì í ṣe ìtàgé ni wọ́n dúró lé. Mo rò pé kí a yọ “ìtàgé” kúrò, kí ó máa jẹ́ “eré àkásílẹ̀” lásán. Ẹni tó bá ní èyí tó dára jù bẹ́ẹ̀ lọ, kí ó jọ̀wọ́ fi ránṣẹ́ kí n tó kọ ìwé iṣẹ́ fún sáà tó ń bọ̀.