Amọ̀ tó ń bímọ

Ẹ̀yin ará, mo ti ka ohun tí ẹ kọ lórí àwọn irin àti òkúta tó ń bí irú ara wọn, tí ẹ fi ọkàn yín dá. Tèmi rèé. Àjàṣẹ́ (Porto-Novo), ní ilẹ̀ Benin, ni mo ń gbé, mo sì máa ń pàlọ́ fún àwọn ọmọ ilé wa lálẹ́ tí iná bá lọ. Nígbà tí àlọ́ àtijọ́ tán lẹ́nu mi, mo dá ìlú kan sílẹ̀ fúnra mi, mo pè é ní Wáńwá. Ẹnikẹ́ni kì í mọlé ní Wáńwá. Amọ̀ kan ló wà níbẹ̀ tó ń bímọ. Gbé ìṣù rẹ̀ kan tó tó ọsàn sétí omi. Kí ilẹ̀ tó mọ́, ó ti di méjì. Àwọn ìṣù yẹn ló ń di ògiri, tí wọ́n ń di ilé fúnra wọn.

Alẹ́ àkọ́kọ́ dùn. Lálẹ́ kejì, ọmọbìnrin àbúrò mi, ọmọ ọdún 11, mú bébà, ó ń ṣírò. Ọ̀kan di 2, 2 di 4. Lóru kẹwàá, 1,024. Lóru ogún, ó ti lé ní mílíọ̀nù kan. Ó gbójú sókè, ó ní, "Tọ́ntọ̀n (bí wọ́n ṣe ń pè mí nìyẹn), ẹ jọ̀ọ́, kí ni amọ̀ náà ń jẹ?"

Mi ò rí èsì fọ̀. Mo ní ká lọ sùn, ṣùgbọ́n èmi ò rí oorun sùn. Òótọ́ lọmọ náà sọ: ìṣù kan ò lè di méjì kó má jẹ́ pé ibì kan ló ti rí amọ̀ kejì.

Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, mo gba etí ọ̀sà lọ. Gbogbo wa la máa ń sọ pé ojú-oró ní í lékè omi, òṣíbàtà ní í lékè odò, àmọ́ mi ò tíì bẹ̀rẹ̀ wo ojú-oró dáadáa rí. Mo gbé ọ̀kan sókè. Gbòǹgbò wẹ́wẹ́ kún abẹ́ rẹ̀ bí irùngbọ̀n, omi ń kán sí mi lẹ́sẹ̀. Okùn funfun tẹ́ẹ́rẹ́ kan nà jáde láti ìdí rẹ̀, ọmọ rẹ̀ sì wà lópin okùn náà, kò ju àtàǹpàkò mi lọ, ewé rẹ̀ ti pé. Ọmọ yẹn náà ti ń na okùn tirẹ̀. Ìwọ́ ọmọ tuntun gan-an ló jọ lójú mi. Ó pẹ́ kí n tó kúrò níbẹ̀.

Mo kó mẹ́ta sínú abọ́ ike lẹ́yìnkùlé, àwọn ọmọ ń kà á láràárọ̀. Kí oṣù tó pé, wọ́n di mọ́kànlá. Lẹ́yìn náà wọn ò bí mọ́, ewé wọn di rẹ́súrẹ́sú, oúnjẹ ti tán nínú omi. Èsì ọmọ dé nìyẹn: ẹrẹ̀ bèbè odò ni amọ̀ Wáńwá ń jẹ, bí ilé ṣe ń pọ̀ ni odò ń fẹ̀ bọ̀ wá bá ìlú.

Apẹja kan ló fún mi ní èèwọ̀ amọ̀ náà, ohun tí kò ní jẹ́ kó bo ìlú mọ́lẹ̀. Ó ní bó bá di ẹ̀ẹ̀rùn, tí omi òkun gba Kútọnu wọlé, iyọ̀ ló ń pa koríko orí omi. Ọdún 1885 ni àwọn Faransé la ẹnu omi yẹn, ọ̀sà Nokoué àti tiwa sì so mọ́ra. Mo bu iyọ̀ sínú abọ́ náà. Gbogbo wọn rà. Bí iyọ̀ ṣe di èèwọ̀ amọ̀ Wáńwá nìyẹn.

Ó ku bí ọmọ amọ̀ ṣe ń mọ̀ pé amọ̀ lòun. John von Neumann, onímọ̀ ìṣirò ọmọ Họ́ńgárì, sọ̀rọ̀ yìí nínú àsọyé kan ní Amẹ́ríkà lọ́dún 1948: ẹ̀rọ tó bá máa bí irú ara rẹ̀ gbọ́dọ̀ gbé ìlànà ara rẹ̀ dání, ìlànà yẹn ni wọ́n á tẹ̀lé láti ṣe ọmọ, wọ́n á sì dà á kọ fún ọmọ kó lè bí tirẹ̀. Oríkì ló sọ sí mi lọ́kàn. Nítorí náà, ní Wáńwá, ìyá amọ̀ ń ki ọmọ rẹ̀ lóru, inú oríkì náà ni ìlànà àti èèwọ̀ rẹ̀ wà. Ọ̀kan ṣi ohùn gbọ́. Ìyá ní kó di ògiri, ó gbọ́ ògìrì, òórùn rẹ̀ sì gba àdúgbò kan. Àwọn ọmọ rẹ́rìn-ín títí. Àmọ́ gbogbo ọmọ tí ìyẹn bí, ògìrì ni wọ́n.

Lánàá ni ọmọbìnrin yẹn tún dá mi dúró láàárín àlọ́. Ó ní, "Tọ́ntọ̀n, bí ọ̀kan bá ṣi ibi tí wọ́n ti dárúkọ iyọ̀ gbọ́ ńkọ́?"